Àyẹ̀wò ọdún 2025: iṣẹ́ tó wà láàárín eré kan sí èkejì

Ẹ kú òpin ọdún o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ohun tó gba ọkàn mi jù lọ́dún yìí kì í ṣe eré tí èmi fúnra mi ṣe. Ọ̀rọ̀ bọ̀ọ̀dá mi kan ni, tí a jọ wà nínú ẹgbẹ́ òṣèré ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta kó tó lọ sí Ìlú Ọba, àti ọ̀rọ̀ baba kan, Orlando Martins, òṣèré ọmọ Èkó tó ti gba irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀ lọ ní ọgọ́rùn-ún ọdún ó lé díẹ̀ sẹ́yìn.

Kí n tètè sọ tèmi kúrò ńlẹ̀. A ṣeré lọ́dún yìí, ọpẹ́ ni f'Ọ́lọ́run. Owó gbọ̀ngàn wọlé, kálukú sì rí nǹkan mú relé. Kò pọ̀, ṣùgbọ́n a ò jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè. Àwọn ọmọ tí mò ń kọ́ ní Yábàá ti ń mọ bí èèyàn ṣe ń gbé ohùn jáde láìsí máíkì. Lọ́jọ́ kìn-ín-ní oṣù kẹwàá, wọ́n tún gbọ̀ngàn ńlá Ìgànmú ṣí, èyí tí wọ́n kọ́ nítorí FESTAC 1977, àjọ̀dún àṣà àti iṣẹ́ ọnà àwọn aláwọ̀ dúdú, tí wọ́n wá fi sọrí Ọ̀jọ̀gbọ́n Wọlé Ṣóyínká báyìí. Inú mi dùn gan-an sí i. Ọkọ̀ ojú irin ń gbé èèyàn láti Marina débẹ̀, kò sí pé à ń há sórí afárá tí eré á fi bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn wa. Mo fẹ́ kí ẹgbẹ́ wa bẹ̀rẹ̀ sí í wá àyè níbẹ̀ lọ́dún tó ń bọ̀, ì báà jẹ́ yàrá tó kéré jù.

Ó tó bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ ká bọ́ sórí ọ̀rọ̀ bọ̀ọ̀dá mi.

Níbikíbi tí àwa ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ bá ti pàdé, níbi òkú tàbí níbi ìkómọ, ọ̀rọ̀ kan náà ni mo máa ń gbọ́: "Ẹ wo òṣèré tó dáa bẹ́ẹ̀, ó lọ fi ara rẹ̀ ṣòfò lókè òkun." Wọ́n ní ilé àwọn arúgbó ló ti ń ṣiṣẹ́ òru, pé ó ń wẹ̀ fún wọn, ó ń pààrọ̀ aṣọ fún wọn. Òótọ́ ni, kò sì fi pamọ́ fún ẹnikẹ́ni. Ohun tí wọn kì í fi kún un ni pé bí ilẹ̀ bá ti mọ́, tó bá ti ibi iṣẹ́ dé, á pè mí lórí WhatsApp, á ní kí n bá òun mú ìwé eré. Èmi á máa ka ti àwọn yòókù láti Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta níbí, òun á máa fèsì láti orí. Ohùn rẹ̀ á ti rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í fo ọ̀rọ̀ kan.

Ọ̀pọ̀ ọ́díṣàn ló lọ tí wọn ò mú un. Àwọn kan ní ohùn rẹ̀ tóbi jù. Àwọn mìíràn ní kó sọ Gẹ̀ẹ́sì bí wọ́n ṣe máa ń mú àwọn èèyàn Áfíríkà sọ ọ́ nínú sinimá. Lọ́dún yìí, wọ́n mú un. Gbọ̀ngàn kékeré kan ni, òkè ilé ọtí ló wà. Irú rẹ̀ pọ̀ ní London, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ òṣèré ti máa ń fara hàn kí àwọn ilé eré ńlá tó mọ̀ wọ́n. Bàbá kan tó ń bá ọmọ rẹ̀ jà nítorí ilé ni wọ́n fi í ṣe. Kì í ṣe oníṣègùn ìbílẹ̀, kì í ṣe ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà, irú ipa tí wọ́n máa ń fún wa. Bàbá ni. Mo sunkún lọ́jọ́ tó sọ ọ́ fún mi.

Ọdún yìí náà ló pé ogójì ọdún tí Orlando Martins kú, ìyẹn ni mo fi fara balẹ̀ ka ìtàn ayé rẹ̀. Òpópónà Òkè-Súnà, lórí Erékùṣù Èkó níbí, ni wọ́n bí i sí ní oṣù Kejìlá ọdún 1899. Àgùdà ni ìran bàbá rẹ̀, àwọn tó ti Brazil padà wá sílé. Ó ṣiṣẹ́ ọkọ̀ òkun lásìkò Ogun Àgbáyé Kìn-ín-ní, nígbà tó sì di 1919 ó fìdí kalẹ̀ sí London. Ẹ wá wo ohun tó fi jẹun níbẹ̀. Ó ja ìjàkadì fún àwọn òǹwòran, Black Butcher Johnson ni wọ́n ń pè é. Ó di ejò mú nínú ẹgbẹ́ eléré tó ń kó ẹranko káàkiri. Ó dúró lórí ìtàgé lẹ́yìn àwọn oníjó báléè Diaghilev, ọmọ Rọ́ṣíà tó ní ẹgbẹ́ oníjó, láìsọ nǹkan kan. Ó bá àwọn tó ń gbé Show Boat, eré olórin Amẹ́ríkà kan, láti ìlú dé ìlú kọrin. Ká ní ọmọ Èkó kan bá a níbi tó ti ń di ejò mú, mo mọ ohun tí onítọ̀hún ì bá kọ sínú lẹ́tà sílé.

Ní oṣù kẹta ọdún 1936, ó gun orí ìtàgé Westminster Theatre pẹ̀lú Paul Robeson, olórin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú ọmọ Amẹ́ríkà, nínú eré tí C.L.R. James, òǹkọ̀wé ọmọ Trinidad, kọ nípa bí àwọn ẹrú Haiti ṣe gba ara wọn sílẹ̀. Robeson ni Toussaint Louverture, ọ̀gágun tó ṣáájú àwọn ẹrú náà. Martins ni Boukman, ẹni tó kó àwọn ẹrú jọ tí ọ̀tẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mejì péré ni wọ́n ṣe eré náà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rò ó wò: ọmọ Àgùdà láti Òkè-Súnà, tí oko ẹrú Brazil wà nínú ìtàn ìran rẹ̀, ló dúró níwájú àwọn òyìnbó London tó ń ké sí ẹrú pé kó dìde! Mo gbà pé ara tó fi ja ìjàkadì ló gbé lọ bá Boukman. Sùúrù tó fi dúró lẹ́yìn àwọn oníjó náà wà níbẹ̀. Mi ò rí ibi tí èèyàn máa fi ọ̀bẹ sí tó máa fi gé iṣẹ́ oúnjẹ kúrò lára iṣẹ́ òṣèré rẹ̀.

Sinimá kò fún un ní irú àyè bẹ́ẹ̀ púpọ̀. Nínú fíìmù 1946 kan tí wọ́n gbé ìtàn rẹ̀ sí Tanganyika (apá Tanzania òde òní), oníṣègùn burúkú ni wọ́n fi í ṣe. Ṣùgbọ́n Blossom wà. Ó ṣe Blossom lórí ìtàgé London ní 1945 nínú The Hasty Heart, ó tún ṣe é nínú fíìmù rẹ̀ ní 1949, èyí tí Ronald Reagan, tó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà, wà nínú rẹ̀. Ọmọ ogun aláwọ̀ dúdú ni Blossom, ó dùbúlẹ̀ àìsàn láàárín àwọn ọmọ ogun òyìnbó, kò gbọ́ èdè wọn, orúkọ ara rẹ̀ nìkan ló fẹ́rẹ̀ẹ́ ń sọ.

Mo gbé ipa yẹn fún àwọn ọmọ Yábàá. Ọ̀kan bi mí pé, "Àǹtí, ṣé ipa náà nìyẹn, tí èèyàn ò ní sọ nǹkan kan?" Mo ní kí wọ́n to àga bí ibùsùn, kí àwọn yòókù máa tàkurọ̀sọ, kí ẹnì kan jókòó láàárín wọn láìgbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ. Ọ̀pọ̀ wọn ń yí ojú, wọ́n ń ju ọwọ́. Ó wá kan ọmọkùnrin kan tó ń ṣe kọ̀ńdọ́ sí dánfó ní Òyìngbò. Ó jókòó jẹ́ẹ́. Ojú rẹ̀ ń bá ẹnu àwọn tó ń sọ̀rọ̀ lọ láti ọ̀kan dé èkejì, ó ń rẹ́rìn-ín díẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n bá ti rẹ́rìn-ín tán. Kò sẹ́ni tó wo àwọn tó ń sọ̀rọ̀ mọ́. Nígbà tí mo bi í níbi tó ti kọ́ ọ, ó ní, "Àǹtí, tí mi ò bá mọ ojú èèyàn wò, mi ò lè gba owó ọkọ̀."

Martins padà sí Èkó ní 1959. Wọ́n ní ilé ni àbọ̀ sinmi oko, ṣùgbọ́n kò sinmi, ó wà nínú fíìmù Kongi's Harvest, eré Ṣóyínká, tí wọ́n ṣe ní Nàìjíríà ní 1970. Ó kú sí Èkó níbí ní ọjọ́ 25 oṣù kẹsàn-án ọdún 1985, ẹni ọdún 85. Lóṣù kẹsàn-án tó kọjá mo lọ sí Òkè-Súnà, mo ń béèrè rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó jókòó síta. Ìyá àgbà kan ṣoṣo ló ní òun ti gbọ́ orúkọ náà rí, kò sì rántí ohun tó ṣe. Ó dùn mí wọra. Òkìkí bàbá yìí kan ní London, ẹ̀yìnkùlé ara rẹ̀ ò mọ̀ ọ́n.

Nítorí náà ni mo ṣe ń bẹ ẹ̀yin tí a jọ ṣeré: ẹ yé é ka ọdún bọ̀ọ̀dá wa sí òfò. Mo ti ń kó gbogbo ohùn tó ń fi ránṣẹ́ sí mi pa mọ́, àti fọ́tò eré orí ilé ọtí yẹn. Ó ní òun ń bọ̀ wálé fún Àjíǹde, a sì ti fẹnu kò pé a ó ṣe eré oníjókòó kékeré kan pọ̀, kọ̀ńdọ́ wa ni yóò ṣe ẹnì kẹta. Ẹni tó bá ní ìwé eré àtijọ́ tàbí fọ́tò ẹgbẹ́ wa nínú àpótí, kó jọ̀ọ́ fi ránṣẹ́ sí mi kí oṣù kìn-ín-ní tó parí. Mo fẹ́ kọ orúkọ ẹni tó wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan sẹ́yìn rẹ̀ nígbà tí ẹni tó lè dá wọn mọ̀ ṣì wà.