Park Nam-ok àti fíìmù kan ṣoṣo tó ṣe

Alẹ́ Ọjọ́bọ̀

Àwòrán Park Nam-ok tí mo rí lónìí kò kúrò lọ́kàn mi. Ó dúró sídìí iṣẹ́ fíìmù, ó pọn ọmọ sẹ́yìn. Òun ni obìnrin àkọ́kọ́ tó darí fíìmù ní Kòríà. Ọdún 1954 ló bí ọmọ náà, ogun Kòríà ṣẹ̀ṣẹ̀ dáwọ́ dúró ni, kò sì pẹ́ sígbà náà tó fi bẹ̀rẹ̀ Mimangin, ìyẹn Opó.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló fún un lówó. Owó náà kò tó gba alásè, nítorí náà òun fúnra rẹ̀ ló ń dáná fún àwọn òṣìṣẹ́, tí yóò tún padà sídìí kámẹ́rà. Nígbà tó fẹ́ gba ohùn fíìmù náà sílẹ̀, ọdún ṣẹ̀ṣẹ̀ yí ni, àwọn tó wà níbi ìgbohùnsílẹ̀ ní àwọn ò ní fi iṣẹ́ obìnrin ṣí ọdún. Inú bí mi débi pé mo gbé fóònù sílẹ̀.

Fíìmù náà dá lórí opó ogun kan tó ní ọmọbìnrin kékeré. Ọmọ yìí fẹ́rẹ̀ẹ́ kú sómi, ọ̀dọ́kùnrin kan yọ ọ́, ìyá sì kó sínú ìfẹ́ ọkùnrin náà. Nígbà tó yá, ó gbé ọmọ fún aládùúgbò tọ́jú kó lè ráyè bá ọkùnrin yẹn gbé. Ó dùn mí nítorí ọmọ náà. Ṣùgbọ́n Park kò bá obìnrin yẹn wí rárá, kò sì bẹ̀bẹ̀ fún un. Ó kàn jẹ́ ká rí i pé ọkọ ló kú, òun kò kú. Ìgboyà ńlá nìyẹn nígbà tí ogun ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ ọ̀pọ̀ obìnrin di opó.

Ọdún 1955 ló jáde ní Seoul, ọjọ́ mélòó kan péré ni wọ́n fi hàn. Park wá lọ ṣiṣẹ́ nílé ìtẹ̀wé. Ọdún 1997 ni wọ́n tó fi fíìmù náà ṣí àjọ̀dún fíìmù àwọn obìnrin ní Seoul, ohùn apá ìparí ti pòórá, abala tó kẹ́yìn sì ti sọnù. Los Angeles ló kú sí lọ́dún 2017, ẹni ọdún 94.

Wọ́n máa ń kọ ọ́ pé fíìmù kan péré ló ṣe. Ta ló gbé owó èkejì wá fún un? Lọ́la, mo fẹ́ tún wo ibi tí ọmọ yẹn ti bọ́ sómi, kí n fara balẹ̀ wo ibi tó gbé kámẹ́rà sí.