Àyẹ̀wò ọdún: ẹ má tíì ṣí fóònù

Ọdún ń parí lọ, oníkálukú ti ń jókòó ti ìṣirò ohun tó gbé ṣe. Ẹni tó gbàgbé nǹkan á kúkú mọ̀ pé òun ti gbàgbé. Ìrántí tó ti yí padà tó ṣì ń dáni lójú ló ń ba àyẹ̀wò ọdún jẹ́.

Nígbà tí ọkọ̀ gbalasa òfuurufú Challenger gbiná lójú sánmà Amẹ́ríkà lọ́dún 1986, Ulric Neisser àti Nicole Harsch, àwọn olùwádìí nípa ìrántí, ní kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Emory kọ ọ́ sílẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ kejì: ibo ni wọ́n wà, ta ló sọ fún wọn? Lẹ́yìn nǹkan bí ọdún méjì ààbọ̀, wọ́n tún bi 44 nínú wọn léèrè. Àwọn 11 ṣì í pátápátá. Síbẹ̀ ọ̀pọ̀ wọn fọwọ́ sọ̀yà, kódà ìwé tí wọ́n fọwọ́ ara wọn kọ ò mú ti àkọ́kọ́ padà wá síyè wọn. Gbogbo ìgbà tí a bá rántí nǹkan la ń tún un tò, ohun tí a gbọ́ lẹ́yìn rẹ̀ a sì wọnú rẹ̀.

Nítorí náà, ẹ mú bébà. Ẹ kọ ohun mẹ́wàá tí ẹ rántí, oṣù tó ṣẹlẹ̀, àti bó ṣe dá yín lójú tó, láti 1 dé 5. Kí tọkọtaya má kọ ọ́ pọ̀ o: ẹni tó bá kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ ló máa tò ó fún ẹnì kejì. Ìbéèrè pàápàá ń yí ìrántí. “Kí ló ṣẹlẹ̀ lóṣù kẹta?” dára, “Ṣé ẹ rántí bí ìyà ṣe jẹ wá lóṣù kẹta?” ti fi ìyà sí i kí ẹnikẹ́ni tó ronú.

Ẹ wá yọ ẹ̀rí jáde: alẹ́ẹ̀tì báǹkì, àtẹ̀jíṣẹ́, fọ́tò. Fọ́tò tí wọ́n fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp, ọjọ́ tó wọlé sórí fóònù yín ló sábà máa ń gbé, kì í ṣe ọjọ́ tí wọ́n yà á. Rìsíìtì POS náà ń parẹ́, torí ooru ni wọ́n fi tẹ̀ ẹ́. Ẹ yà á ní fọ́tò lọ́jọ́ tí ẹ bá gbà á. Níbi tí ẹ̀rí bá ti ta ko ohun tí ẹ kọ, ẹ má pa á rẹ́, ẹ fi bírò àwọ̀ mìíràn kọ àtúnṣe sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ibi tí ẹ fi 5 sí tó sì já sí àṣìṣe ni kí ẹ wò jù.

Bí nǹkan ṣe rí lára ò ní rìsíìtì. Ìbẹ̀rù oṣù kẹrin á ti di nǹkan kékeré lójú ẹni tí ọ̀ràn náà yọrí sí rere fún. Lọ́dún tó ń bọ̀, ìlà mẹ́ta lálẹ́ ọjọ́ Àìkú kọ̀ọ̀kan tó: ọjọ́, ohun tó ṣẹlẹ̀, bó ṣe rí lára yín. Kí ẹ má sì ka ti ọ̀sẹ̀ tó kọjá kí ẹ tó kọ tuntun.