Paramọ́lẹ̀ Orí Òkè Kẹ́ńyà

Nínú àwọn ejò olóró tí mo ti kà nípa wọn, èyí tó yà mí lẹ́nu jù ni Montatheris hindii, paramọ́lẹ̀ kékeré tó jẹ́ pé orí Òkè Kẹ́ńyà àti àwọn òkè Aberdare nìkan ló ń gbé, níbi tó ga tó nǹkan bíi mítà 2,700 sókè, tí òtútù òru ibẹ̀ sì lè sọ omi di yìnyín. Kì í sábà gùn ju rúlà ọmọ ilé-ìwé lọ. Ó di ìgbà tí oòrùn bá ràn kó tó jáde láti ìdí koríko, kó yá oòrùn, kó sì wá alágẹmọ, alángbá tàbí àkèré jẹ. Ọmọ ló ń bí, kì í yé ẹyin. Lójú tèmi, ó bọ́gbọ́n mu, nítorí ẹyin kò ní rọrùn láti pa nínú ilẹ̀ tó tutù tó bẹ́ẹ̀.