Ọpẹ́lọpẹ́ pé mo tètè dé balùwẹ̀ lánàá

Bí mo ṣe wọlé, káfíńtà ti gbé dírìlì lọ́wọ́. Ó fẹ́ kan kọ́bọ́ọ̀dù abẹ́ básíǹ ìfọwọ́ mọ́lẹ̀, kó gba inú vinyl tí a tẹ́ sílẹ̀ kọjá. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́ ọ̀gá, ẹ dúró ná."

Vinyl tiwa rí bíi pákó, ṣe ni wọ́n ń kì í bọ ara wọn lẹ́nu, wọn kì í fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́. Irú rẹ̀ kì í dúró sójú kan. Bí ooru bá mú, á fẹ̀. Bí òtútù bá dé, á sún kì. Torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń fi àlàfo bíi mìlímítà 6 sílẹ̀ létí ògiri. Tí èèyàn bá wá kàn án mọ́lẹ̀, tí kọ́bọ́ọ̀dù olókùúta tún jókòó lé e, ibòmíì ló máa wú sí, tàbí kí ojú ìpàdé rẹ̀ yà.

A gé vinyl náà yí ẹsẹ̀ kọ́bọ́ọ̀dù ká, a fi pákó pẹlẹbẹ gbé e dọ́gba, a wá fi sukúrù dè é mọ́ igi inú ògiri. Iṣẹ́ wákàtí kan di mẹ́ta, mi ò kábàámọ̀ ẹ̀ rárá. Mo kúnlẹ̀, mo fi àtàńpàkò ti etí vinyl náà: ó ṣì ń sún díẹ̀. Inú mi dùn gan-an! Sílíkónì ló kù tí a fi dí etí ẹ̀ kómi má bàa wọ abẹ́.

Ẹ̀yin tẹ́ ò tíì tẹ́ ilẹ̀ yín, ẹ kọ́kọ́ gbé kọ́bọ́ọ̀dù sílẹ̀ ná.