Bí A Ṣe Ń Tú Síílìn àti Òwú Abẹ́ Òrùlé Tí Omi Ti Bà Jẹ́

Àbàwọ́n aláwọ̀ tíì tó yọ lára síílìn pálọ̀ kì í sábà wà lábẹ́ ibi tí òrùlé ti lu gan-an. Omi á gba ihò ìṣó wọlé, á tẹ̀lé igi òrùlé lọ díẹ̀díẹ̀, ó di ibi tí igi ti pàdé igi tàbí ibi tí ẹnu ìṣó ti yọ kó tó já bọ́. Ẹni tó bá ní kí kápẹ́ńtà yọ pátákó kan ṣoṣo tó rẹ, kó fi tuntun dí i, kí wọ́n kùn ún ní funfun, owó ló ń fi ṣeré. Bí iná ò bá tán láṣọ, ẹ̀jẹ̀ kì í tán léèékánná. Òrùlé la kọ́kọ́ ń tún ṣe, kí a tó kan síílìn.

Ní Abẹ́òkúta, ibi mélòó kan ló sábà máa ń jò. Àkọ́kọ́ ni rọ́bà abẹ́ orí ìṣó páànù: oòrùn á sun ún títí á fi gbẹ, á là, ihò á sì ṣí sílẹ̀. Ìkejì ni ibi tí òrùlé méjì ti pàdé, èyí tí àwọn kápẹ́ńtà ń pè ní fálì. Ewé máńgòrò á kún ibẹ̀, omi ò ní rí ọ̀nà lọ, á wá padà gba abẹ́ páànù wọlé. Ilé tí wọ́n mọ ògiri yí òrùlé rẹ̀ ká, tí páànù ò fi hàn sí ìta, ní ìṣòro kan náà nínú gọ́tà ẹ̀yìn ògiri yẹn. Èyí tó wá pọ̀ báyìí ni ihò bóòtù sólà: ẹni tó gbé páńẹ́lì sólà sórí òrùlé mọ iná, kò mọ òrùlé. Ní àwọn àdúgbò orí òkè bí Ìtòkò àti ẹ̀bá Olúmọ, ẹ tún wo bóyá omi òrùlé ilé òkè ló ń dà sórí òrùlé tiyín. Nǹkan tí páànù yín ò lè gbà mọ́ra nìyẹn, kódà kó jẹ́ tuntun.

Tí ẹ ò bá rí ibi tó ń jò, ẹ jẹ́ kí ẹnì kan fi họ́ọ̀sì rọ omi sórí òrùlé, kí ẹnì kejì wà nínú àjà pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìsàlẹ̀, ní etí òrùlé, kí ẹ máa gòkè, ìṣẹ́jú mẹ́wàá lójú kan. Tí ẹ bá bẹ̀rẹ̀ lókè, omi á ṣàn kọjá gbogbo ihò lẹ́ẹ̀kan, ẹ ò sì ní mọ èyí tó gbà á wọlé.

Lẹ́yìn náà, ẹ mọ ohun tó wà lórí yín kí ẹ tó fọwọ́ kàn án. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń pe gbogbo síílìn aláwọ̀ eérú tó le ní asbestos (ohun onífọ́nrán tí wọ́n máa ń pò mọ́ sìmẹ́ńtì láyé àtijọ́), yálà ó jẹ́ bẹ́ẹ̀ tàbí kò jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ojú lásán ò lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Ilé àyẹ̀wò nìkan ló lè sọ. Bí ilé yín bá ti pẹ́, tí síílìn rẹ̀ jẹ́ pátákó pẹlẹbẹ tó le bíi sìmẹ́ńtì, tí wọ́n fi igi tẹ́ẹ́rẹ́ bo ojú ìsopọ̀ rẹ̀, ẹ gbà pé asbestos ni. Kì í ṣe pé ó ń pa ènìyàn nítorí pé ó wà nínú ilé. Eruku rẹ̀ tí a kò lè fojú rí ló ń wọ ẹ̀dọ̀fóró, tí kì í jáde mọ́, àrùn jẹjẹrẹ tó ń fà sì lè má yọjú títí ogún ọdún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Nítorí náà, a kì í fi ayùn gé e, a kì í fi òòlù fọ́ ọ, a kì í fi ìgbálẹ̀ gbá eruku rẹ̀ ní gbígbẹ. Ẹ pò ọṣẹ díẹ̀ mọ́ omi, kí ẹ fi ìfúnmi tí wọ́n fi ń fín ewéko fún un sí i tinú tòde. Ẹ hú ìṣó rẹ̀ kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan. Kí ènìyàn méjì gbé odindi pátákó náà sọ̀kalẹ̀. Ẹ fi ọ̀rá tó nípọn dì í lẹ́ẹ̀mejì. Ìbòmú aláṣọ kò wúlò níbí. Èyí tí wọ́n kọ FFP3 sí lára ni kí ẹ wá. Bí pátákó náà bá ti rẹ tó ti ń ṣubú wẹ́wẹ́, mo rò pé ẹni tó mọ iṣẹ́ yìí ló yẹ kó bá yín yọ ọ́.

Àwọn ilé àtijọ́ ní Aké, Ìjẹ̀mọ̀ àti Ìtòkú ṣì wà tó jẹ́ àjà alámọ̀ ni wọ́n ní: igi tí wọ́n tò, tí wọ́n fi amọ̀ rẹ́ lójú. Ẹ má gun èyí tó bá ti mu omi. Amọ̀ tó nípọn íńṣì mẹ́rin lè wọ̀n ju 150 kílò lọ lórí mítà kan níbùú lóròó, kó tó wá mu omi rárá. Láti abẹ́ ni ẹ ti máa fi òpó tì í, ẹ̀yìn rẹ̀ lẹ ó tó máa yọ ọ́ díẹ̀díẹ̀.

Iná ńkọ́? Pípa iná NEPA nìkan kò tó. Ẹ pa súwíìsì àgbà, ẹ yọ jẹnẹrétọ̀ kúrò lára wáyà ilé, kí ẹ sì pa ínfátà níbi ẹ̀rọ rẹ̀ gan-an, torí bátìrì ínfátà á máa fún wáyà àjà ní iná bí òpó iná àdúgbò tilẹ̀ ṣókùnkùn. Ẹ fi tẹ́sítà iná kan ẹnu wáyà gílóòbù àti ti fáànù kí ẹ tó gòkè. Gílóòbù tí omi ti wọ inú rẹ̀ kì í ṣe ohun tí a ń fọwọ́ ká kúrò kí a tó ṣe èyí.

Ìwọ̀n omi ló ń tan àwọn ènìyàn jẹ. Pátákó ẹsẹ̀ bàtà 4 sí 4 tí omi dúró lé lórí ní mìlímítà 5 péré gbé nǹkan bíi lítà 7 dání, èyíinì ni kílò 7, lórí ohun tó ti rọ̀. Òwú gíláàsì tí wọ́n tẹ́ sórí síílìn kí ooru páànù má baà wọ yàrá tún burú jù. Nínú yàrá ẹsẹ̀ bàtà 12 sí 12, tí òwú náà nípọn íńṣì 2, tí omi bá gba ìdámẹ́rin àyè inú rẹ̀, ó ti ju lítà 160 lọ. Àpò sìmẹ́ńtì mẹ́ta kò wọ̀n tó bẹ́ẹ̀. Ìdí nìyí tí síílìn fi ń já lóru lẹ́yìn tí òjò ti dá.

Nítorí náà, ẹ kó ẹrù jáde, ẹ tẹ́ tàpólì sílẹ̀, ẹ fi ọ̀rá àti téèpù dí ẹnu ọ̀nà tó wọ inú ilé, kí ẹ sì ṣí fèrèsé ìta. Tí síílìn náà kì í bá ṣe asbestos, ibi tó bá sọ̀ jù ni ẹ ó fi sùkúrúdíráfà lu ihò kékeré sí, garawa lábẹ́ rẹ̀, ẹ̀yin fúnra yín ní ẹ̀gbẹ́ kan, kì í ṣe lábẹ́ rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ó kán tán. Tó bá ti dákẹ́, ẹ lu òmíràn ní ẹsẹ̀ bàtà méjì sí i. Lẹ́yìn èyí ni ẹ ó bẹ̀rẹ̀ sí í tú u láti etí ògiri wá sí àárín, pátákó kọ̀ọ̀kan, kí ẹ má fà á já lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ẹ bá fà á já, òwú tó wà lókè á wá sórí yín pẹ̀lú ìgbẹ́ eku àti ti àdán, eruku èyí sì ń ṣe ẹ̀dọ̀fóró níjàǹbá tó bá gbẹ. Ẹ fún omi sí i kí ẹ tó kó o.

Òwú gíláàsì ní tirẹ̀, ẹ má gbìyànjú láti sá a. Afẹ́fẹ́ tó wà láàárín rẹ̀ ló ń dá ooru dúró. Tó bá ti mu omi, á sọ̀, á fún pọ̀, kò sì ní padà wú bíi tẹ́lẹ̀. Inú rẹ̀ á ṣì rin nígbà tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti gbẹ, á wá máa fún igi ní omi mu. Ẹ ká a bí ẹni ká ẹní, ẹ rọ ọ́ sínú àpò ìrẹsì tí ẹ ti fi ọ̀rá sí nínú, ẹ má kún un kọjá ìdajì, torí kò ní ṣeé gbé. Aṣọ ọlọ́wọ́ gígùn, ìbọ̀wọ́, ìbòmú N95 àti ìbòjú. Tó bá ti yún yín lára, omi tútù ni kí ẹ fi ṣàn án, ẹ má fọwọ́ ra á. Aṣọ iṣẹ́ náà, ẹ dá fọ̀ ọ́ lọ́tọ̀. Èyí tó jẹ́ ọ̀rá dídán tí afẹ́fẹ́ wà nínú rẹ̀ lásán kì í mu omi ní tirẹ̀: ẹ nù ún, ẹ gbẹ ẹ́, ẹ lò ó padà.

Ti pátákó pẹlí (plywood) kò le: ibi tí ó bá ti wú tàbí tí ìpele rẹ̀ ti ń ya, yíyọ ló kù, pẹ̀lú ẹsẹ̀ bàtà kan kọjá ibi tí àbàwọ́n dé. POP, ìyẹn síílìn funfun tí wọ́n fi ìyẹ̀fun àti omi pò, máa ń tan ni. Ó lè gbẹ kó sì funfun padà, ṣùgbọ́n ẹ fi ìka kan án, bó bá dún bí ohun tó dá dúró tàbí tó rọ̀ bí ẹfun, ẹ gé e kúrò kó má baà já lórí ọmọdé. PVC, ìyẹn síílìn oníke, ni omi kì í bà jẹ́, ìyẹn gan-an ló fi ń cheat onílé: ó ń dán lábẹ́, igi tó gbé e dúró sì ń jẹrà lókè.

Igi yìí ni iṣẹ́ gidi wà. Ẹ fi ẹnu sùkúrúdíráfà gún tú-báì-tú kọ̀ọ̀kan, ìyẹn igi íńṣì 2 sí 2 tó gbé síílìn dúró. Tó bá wọlé tó bí ìdajì íńṣì láìlo agbára, ẹ pàrọ̀ rẹ̀. Èyí tó bá le ṣùgbọ́n tó ti bu, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì àti omi ọṣẹ fọ̀ ọ́, kí ẹ nù ún. Jíìkì kì í wọ inú igi tó bẹ́ẹ̀. Ojú ló ń sọ di funfun. Tí ẹ bá sì tilẹ̀ fẹ́ lò ó, ẹ má pò ó mọ́ oògùn ìfọ-ilé-ìyàgbẹ́ láéláé, afẹ́fẹ́ tó ń jáde lára wọn lè ṣekú pa ènìyàn nínú àjà tí kò ní fèrèsé.

Bíbu kì í pẹ́ bẹ̀rẹ̀, ọjọ́ kan sí méjì tó. Gbígbẹ ló ń pẹ́. Nínú oṣù Keje, afẹ́fẹ́ Abẹ́òkúta fúnra rẹ̀ ti rin, ẹ tan fáànù méjì kọjú sókè fún ọ̀sẹ̀ méjì ó kéré tán. Bí iṣẹ́ náà bá ṣeé dá dúró, ọ̀dá kékeré oṣù Kẹjọ dára díẹ̀, ọyẹ́ ló dára jù. Ẹ má jẹ́ kí kápẹ́ńtà kán yín lójú. Ẹ fi téèpù lẹ ọ̀rá funfun kékeré mọ́ igi náà ní alẹ́. Tí omi bá wà lábẹ́ rẹ̀ ní àárọ̀, igi ò tíì gbẹ. Ẹni tó ní ẹ̀rọ tí a fi ń wọn ọ̀rinrin igi, kó dúró títí ọ̀rinrin náà kò fi ní tó 20 nínú ọgọ́rùn-ún mọ́. Oògùn ikán náà, igi gbígbẹ ló sábà máa ń mu ún dáadáa.

Fún yàrá 12 sí 12 náà, tí àlàfo igi jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà méjì méjì, tú-báì-tú tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 12 tí ẹ ó rà jẹ́ 14, ẹ fi ẹyọ kan kún un. Pátákó 4 sí 8 jẹ́ márùn-ún, ìdajì kan á sì kù. Ìdajì yẹn ni kí ẹ fi ṣe ìlẹ̀kùn kékeré ẹsẹ̀ bàtà 2 sí 2 sí igun síílìn, kí a lè gba ibẹ̀ gòkè pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì nígbà tí òjò ńlá àkọ́kọ́ bá ń rọ̀ lọ́wọ́, kí a fi ọwọ́ pa igi abẹ́ fálì àti abẹ́ bóòtù sólà láti mọ̀ bóyá ó gbẹ.