Olú tó ń rántí, tó sì ń jẹ igi ilé

Ìtàn àròsọ kan ni mo ń kọ lọ́wọ́, mo sì tètè sọ pé àròsọ ni kí ẹnikẹ́ni má lọ máa wá kiní náà kiri inú igbó Kétu, ìlú wa ní Bẹ̀nẹ̀. Olú kan ló wà nínú ẹ̀. Kì í ṣe olú ọbẹ̀ o, irú èyí tó máa ń tẹ́ pẹrẹsẹ funfun sára igi tó ti gbomi ni, tó bá pẹ́ á wá le bí awọ ìlù. Ohunkóhun tó bá ṣẹlẹ̀ nítòsí ẹ̀ ló ń gbà sílẹ̀, ohùn, ìró ẹsẹ̀, ìjà tọkọtaya, ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ nígbà tí wọ́n rò pé àwọn nìkan ló wà ní yàrá. Tí ẹ bá wá wọ́n omi tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ sí i lára, á bẹ̀rẹ̀ sí í tú u sílẹ̀ bó ṣe gbọ́ ọ, ẹ ó máa gbọ́ àwọn tó ti kú kí wọ́n tó bí bàbá yín tí wọ́n ń ná ẹja lọ́jà. Olú-a-rántí lorúkọ tí mo fún un.

Ẹnì kan máa ní irọ́ yìí ti pọ̀ jù. Kò pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ jàre. Ní 2020, Yu Fukasawa ti Tohoku University ní Japan àti Lynne Boddy ti Cardiff pẹ̀lú ẹnì kan tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ gbé ìwádìí kan jáde lórí olú kan tó ń jẹ igi. Ẹ ṣáà mọ̀ pé èyí tó ń yọ orí síta tí à ń já, èso olú lásán ni, ara ẹ̀ gan-an ni àwọn okùn funfun tínrín-tínrín tó ń rìn kiri inú igi àti inú ilẹ̀. Wọ́n gbé igi kékeré kan tí olú yìí ń gbé inú ẹ̀ sórí ilẹ̀ nínú àwo, wọ́n gbé igi míì sí ẹ̀gbẹ́ kan, okùn olú náà sì wá a lọ títí ó fi bá a. Wọ́n wá yọ igi àkọ́kọ́, wọ́n gé gbogbo okùn tó ti yọ síta lára ẹ̀ kúrò, wọ́n gbé e sínú àwo tuntun tí kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Ibo ni olú ti tún hù jù? Ẹ̀gbẹ́ tó ti rí oúnjẹ tẹ́lẹ̀ yẹn náà ni! Kò ní ojú, kò ní ọpọlọ, ó rántí ibi tí oúnjẹ wà.

Ti kiní aláwọ̀ yẹ́lò kan tún wà, Physarum, tí àwọn onímọ̀ ní kì í ṣe olú gidi àmọ́ tó máa ń rìn lórí igi jíjẹrà. Mirna Kramar àti Karen Alim ní Jámánì fi hàn ní 2021 pé ibi tó bá ti rí oúnjẹ, àwọn ọ̀pá inú ara ẹ̀ tó wà níbẹ̀ á sanra, àwọn tó jìnnà á tín-ín-rín, bó ṣe rí yẹn náà ló sì ń darí ibi tó máa gbà lọ lẹ́yìn náà. Ìyẹn ni pé ara ẹ̀ ni ìwé tó ń kọ nǹkan sí. Ìgbà tí mo ka èyí ni ìtàn mi bẹ̀rẹ̀ sí í ní egungun.

Torí olú ò ní ẹnu. Ńṣe ló máa ń tú omi kan síta tó ń yọ́ igi, á wá fa èyí tó ti yọ́ mu. Tó bá jẹ́ ara ẹ̀ ló fi ń rántí, igi tó jẹ ló sì fi kọ́ ara, a jẹ́ pé kò lè rántí láìjẹ nǹkan. Mo wá sọ ọ́ di òfin nínú ìtàn náà: gbogbo ohun tí olú-a-rántí bá gbà sílẹ̀, igi ilé ló fi san án. Ẹ fẹ́ gbọ́ ohùn bàbá ńlá yín? Ó dáa, àjà ilé á wó.

Òfin kejì, tó bá gbẹ á sùn. Ọyẹ́ Kétu tí gbogbo wa mọ̀ yìí, tó ń la ètè, olú kì í fi bẹ́ẹ̀ lè hù nínú ẹ̀. Nítorí náà ohun tó bá ṣẹlẹ̀ nígbà ọyẹ́ kò sí lákọsílẹ̀. Àwọn ọlọ́gbọ́n ìlú inú ìtàn mi ti mọ̀, ìgbà ọyẹ́ ni wọ́n máa ń ta ilẹ̀ ẹbí.

Wàyí o, Gẹ̀lẹ̀dẹ́, ijó tí wọ́n fi ń yẹ́ àwọn ìyá wa sí. Ìgbà tí òjò àkọ́kọ́ bá fẹ́ dé, láàárín March sí May, ni wọ́n sábà máa ń ṣe é, ìgbà yẹn gan-an ni olú máa ń jí. Igi sì ni wọ́n fi ń gbẹ́ orí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tí oníjó ń gbé sórí. Mo fi ìdílé kan sínú ìtàn tó ní orí àtijọ́ kan ní kọ̀rọ̀ yàrá, olú ti bò ó nínú, gbogbo òru Ẹ̀fẹ̀, orin àti yẹ̀yẹ́ alẹ́ tó máa ń ṣáájú ijó Gẹ̀lẹ̀dẹ́, tó ti jáde láti ayé bàbá bàbá wọn ló wà níbẹ̀. Bàbá fẹ́ ha olú náà kúrò kó fi epo pa á kó lè jáde lọ́dún yìí. Ọmọ tó ń kàwé ní Cotonou kúnlẹ̀, “Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má hà á, ohùn wọn ló wà níbẹ̀ yẹn.” Bàbá ní, “Ṣé ohùn lo fẹ́ gbé sórí jó?”

Ẹ má bi mí ẹni tó jàre o. Bàbá ni mo wà lẹ́yìn ẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn tí mo fi ìtàn náà hàn, ọmọ yẹn ni wọ́n ń gbè. Ohun tí mo rò ni pé Ẹ̀fẹ̀ fúnra ẹ̀ ti ń rántí fún ìlú tẹ́lẹ̀, ó sì mọ bí wọ́n ṣe ń rántí. Á bú ẹni tó yẹ ní bíbú, á fi àdììtú kan ẹni tó yẹ kó bò láṣìírí, ilẹ̀ á mọ́, gbogbo wọn á tún bára wọn lọ́jà. Olú ò mọ ìyẹn. Wọ́n máa ń ní kò sí àṣegbé, àṣepamọ́ ló wà, ó dáa, àmọ́ ẹni tó ń pa òwe yẹn kì í ka tiẹ̀ mọ́ ọn.

Ẹ tún wo 1886. Àwọn ọmọ ogun Glele ọba Dàhòmì dó ti Kétu títí ebi fi wọlé, wọ́n fọ́ ìlú, wọ́n kó àwọn èèyàn lẹ́rú lọ, ẹ̀yìn tí àwọn Faransé ti ṣẹ́gun Béhanzin ọmọ Glele ni àwọn tó kù tó padà wá tún un tẹ̀ dó. Ká ní olú yìí wà lára igi ìlẹ̀kùn Àkàbà Ìdènà, ẹnubodè Kétu, lọ́dún yẹn! Gbogbo igbe yẹn, gbogbo orúkọ tí wọ́n ń pè tí kò sẹ́ni tó dáhùn. Lónìí àwọn ọmọ ọmọ Fọ̀n, ìyẹn àwọn ará Dàhòmì, àti tiwa ti fẹ́ra wọn, wọ́n ń jọ gun sẹ́mìjàn, ọ̀kadà Bẹ̀nẹ̀, kan náà. Èmi ò lè kọ ibi tí wọ́n ti bomi wọ́n ìlẹ̀kùn yẹn, mo gbìyànjú ẹ̀, mo pa á rẹ́.

Àbúrò mi obìnrin ní kí n má da ara mi láàmú, kí n gé olú náà sí wẹ́wẹ́, kí ilé kọ̀ọ̀kan mú tiẹ̀. Ó ṣeé ṣe lóòótọ́, torí okùn olú díẹ̀ tí ẹ bá gé sórí igi tuntun lè tún hù di odindi. Àmọ́ nínú ìtàn mi, ìwọ̀nba ohun tó gbọ́ ní ojúkò ibẹ̀ ni èyí tí ẹ gé máa rántí. Ẹni tó gé apá ọ̀tún gbọ́ ìgbà tí wọ́n ń bẹ̀bẹ̀, ẹni tó gé apá òsì gbọ́ ìgbà tí wọ́n ń gba owó. Ibi tí mo kọ ọ́ dé nìyí: gbogbo agbo ilé ti gbé tiwọn dé ààfin Alákétu, kálukú ní tòun ló pé, tòun ni kí wọ́n kọ́kọ́ bomi wọ́n, ẹni tí tiẹ̀ kéré jù ló sì ń pariwo jù.