Ọmọ Tí Kò Lọ́jọ́ Ìbí

Ẹ jọ̀ọ́ ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín o, àbí ẹ kúkú rẹ́rìn-ín, ó ti ṣẹlẹ̀ ná. Ọmọ wa kékeré, 29 oṣù kejì ọdún 2024 ló wáyé. Ayọ̀ ọjọ́ yẹn ò jẹ́ ká ro nǹkan kan, àfi nọ́ọ̀sì tó ń kọ déètì sínú káàdì ló rẹ́rìn-ín músẹ́ tó ní "Dádì, ẹ ríṣẹ́." Mo rò pé ọ̀rọ̀ pámpásì ló ń sọ. Ìgbà tó ku oṣù méjì kọ́mọ pé ọdún kan ni mo ṣí kàlẹ́ńdà 2025: 26, 27, 28, ó tán. Wọn ò ní ọjọ́ ọmọ mi níbẹ̀.

Ìyàwó mi ní 28 la máa ṣe é, pé inú oṣù kejì lòun ti rọbí, òun ò mọ nǹkan kan nípa oṣù kẹta. Mo ní Jímọ̀ ni 28 bọ́ sí, ta ló máa kúrò níbi iṣẹ́ wá jẹ ìrẹsì n'Íbàdàn lọ́jọ́ Jímọ̀? Àbúrò mi ọkùnrin, tẹ́nu ẹ̀ kì í sinmi, wá ní kí ló ń lé wa, ṣebí ká dúró di 2028 kí ọjọ́ náà padà wá. Ìyàwó mi wò ó tòkètilẹ̀, kò dá a lóhùn.

Bá a ṣe mú Sátidé nìyẹn, 1 oṣù kẹta. Ọjọ́ yẹn dára lójú mi jàre, owó oṣù á ti wọlé, kò síyàwó, kò sókùú ṣíṣe nínú ẹbí méjèèjì. Àmọ́ Mùsùlùmí lẹbí tèmi, Onítẹ̀bọmi Ògbómọ̀ṣọ́ sì ni tìyàwó mi, ni mo bá pe Alhaja, màmá mi, pé ṣé àwẹ̀ ò ní kó sí wa lọ́nà. Alhaja fìka ka Sháábáànù, oṣù tó ṣáájú oṣù àwẹ̀, lórí fóònù, mo ń gbọ́ bó ṣe ń kà á, ó ní "Fọkàn balẹ̀, oṣù yìí máa pé ọgbọ̀n, Sọ́ńdè la máa bẹ̀rẹ̀." Bó ṣe sọ ọ́ tìdánilójú tìdánilójú ni mo fi sanwó kánópì àti àga.

Alẹ́ Jímọ̀, alásè ti din ẹran tán, a ti fẹ́ bàlúùnù títí ẹ̀kẹ́ fi ń dùn wá, èmi ọmọ Alhaji wá dúró sí báráńdà mo ń bẹ Ọlọ́run pé kẹ́nikẹ́ni má rí oṣù, ọjọ́ kan péré ni mo tọrọ. Kò pẹ́ ni fóònù gbogbo ilé bẹ̀rẹ̀ sí í dún. Sultan Sókótó ti kéde, oṣù ti lé, Sháábáànù ò pé ọgbọ̀n mọ́, mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ló dúró sí. Ẹ tún wo nọ́mbà yẹn! Mo pe Alhaja, ó ní "Ìwọ náà ò bá ti gbààwẹ̀ ẹ kó o jẹ́ kí n sùn."

Ọjọ́ dé. Kánópì kan, ìlú méjì. Lápá ọ̀tún, àwọn àna mi ń jẹ ìrẹsì bí ẹni jí i, wọ́n ń fi ọwọ́ bo abọ́. Lápá òsì, àwọn èèyàn mi jókòó pẹ̀lú tẹ̀sùbáà, atẹ́gùn sì ń gbé òórùn ẹran díndín sí wọn nímú, ó dà bí ẹni pé wọ́n rán an ni. MC pariwo pé "Ṣé gbogbo yín ti jẹun?" Ẹ̀gbọ́n bàbá mi wò ó bí ẹni wo olè.

Ọlọ́jọ́ ìbí ńkọ́? Ó sùn láti aago méjìlá di aago mẹ́rin. Nígbà tó jí tá a gbé e dé ibi kéèkì, Alhaja gbé e sítan, ó ń ṣàdúrà fún un, èmi ń ṣe àmín. Ó ya ẹnu gbàà pé kí Ọlọ́run dá ọmọ náà sí, bọmọ ṣe ki ọwọ́ bọ kéèkì nìyẹn, ó bu ṣúgà funfun orí ẹ̀ kún ọwọ́, ó ki í bọ Alhaja lẹ́nu. Gbogbo ilé dákẹ́ lọ gbári. Alhaja ò lè gbé e mì, kò lè tu ú sára aṣọ léèsì, ojú ẹ̀ ṣáà tóbi. Ó sáré wọlé, ó tu ú, ó yọ ẹnu, ó pe Àáfà. Àáfà ní tí kò bá mọ̀ọ́mọ̀, àwẹ̀ ẹ̀ wà níbẹ̀. Alhaja ní kí n bi Àáfà ní ti èyí tó ti yọ́ kọjá.

Aago mẹ́fà, àwọn alága wá kó àga wọn torí ibẹ̀ ni owó wa dé. Aago méje kù díẹ̀ ni wọ́n tó pèrun. Orí ẹní àti bíríkì lẹbí mi ti ṣínu, wọ́n jẹ kúlà méjì tán láàárín ogún ìṣẹ́jú, ẹ̀yìnkùlé dákẹ́, ṣíbí nìkan ló ń dún. Ibẹ̀ ni àbúrò mi ti gbé fóònù ẹ̀ wá, egungun ẹran lẹ́nu. Ó ní òun ti ṣírò ẹ̀: lọ́dún tó ń bọ̀, inú àwẹ̀ náà ni 28 oṣù kejì máa bọ́ sí. Àmọ́ tó bá di 29 oṣù kejì 2028, a ti máa jẹ ìtunu tán.

Ìyàwó mi gba abọ́ lọ́wọ́ ẹ̀.